Ìgbà Tí Mo Kú Kẹ́yìn ní Kùmásì

Tí ẹ bá rí fídíò àtijọ́ kan tí wọ́n ṣe ní Kùmásì, tí ọkùnrin gbọọrọ kan wà nínú rẹ̀ tó ń sọ èdè Twi bí ẹni tí egungun ẹja há lọ́fun, tí kò sì pẹ́ tó fi kú, èmi nìyẹn. Ìgbà mọ́kànlá ni mo kú kí n tó ṣíwọ́. Ọkọ̀ gbá mi, ejò bù mí jẹ, wọ́n fi májèlé sínú ọbẹ̀ ẹ̀pà fún mi, àrá sán pa mí lẹ́ẹ̀mejì nínú ọdún kan ṣoṣo. Àwọn ọmọ òṣèré òde òní ń ṣe fáàrí pé àwọn mọ ẹkún sun. Ta ni kò mọ ẹkún sun? Kí wọ́n wá dùbúlẹ̀ gbalaja, kí eṣinṣin bà wọ́n nímú, kó rìn gba ojú lọ sí etí, kí wọ́n má sì mira. Ibẹ̀ la ó ti mọ ọ̀gá.

Iṣẹ́ ọwọ́ mi gan-an ni kí n máa rán awọ àga ọkọ̀ ní Suame Magazine, níbi tí àwọn mẹkáníìkì pọ̀ sí. Ẹni tó bá mọ Magazine mọ̀ pé kò sí ọkọ̀ tó kú jù fún wọn níbẹ̀. Èyí tí wọ́n fi okùn wọ́ wá láàárọ̀ lè gbé èrò lọ sí Tamale ní ìrọ̀lẹ́. Lọ́jọ́ kan, mò ń bá ẹnì kan tó ń ta àlòkù ẹ́ńjìnnì jà nítorí pé ó gbé irin rẹ̀ dí ẹnu ọ̀nà mi. Mo fi Twi bẹ̀rẹ̀ ìjà náà. Nígbà tí Twi ò tó mọ́, mo bọ́ sí Yorùbá. Hausa ni mo fi parí rẹ̀. Ọkùnrin kan tó gbé ọkọ̀ wá kí n bá òun rán àga rẹ̀ jókòó síbẹ̀, ó ń wò mí, ó ń rẹ́rìn-ín. Òun ni olórí ẹgbẹ́ kan tó máa ń ṣeré lórí tẹlifíṣọ̀n nígbà náà. Dàírẹ́kítọ̀ ni gbogbo ayé ń pè é, èmi náà ò ní í pè é ní nǹkan mìíràn.

"Woyɛ Alatani anaa?" ló bi mí. Alátà ni wọ́n ń pe gbogbo àwa Yorùbá níbẹ̀.

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó ní ọjọ́ ti pẹ́ tí òun ti ń wá oníṣòwò Alátà kan sínú eré òun. Ọmọ Àṣáńtì tó ń ṣe é tẹ́lẹ̀, bó bá wọ agbádá, ńṣe ló ń jọ fèrèsé tí wọ́n ta kọ́tìnnì sí.

Bí mo ṣe di òṣèré nìyẹn. Àmọ́ lọ́jọ́ àkọ́kọ́ tí mo dé iwájú kámẹ́rà, tí mo la ẹnu, Dàírẹ́kítọ̀ gbé ọwọ́ lé orí. "Ta ló ní kí o sọ Twi dáadáa? Ṣé o rí Alátà tó ń sọ ọ́ báyìí rí ni?" Kùmásì ni wọ́n bí mi sí o! Àwọn ọmọ Àṣáńtì tí a jọ ń ta ayò nígbà èwe, èmi ni mò ń bá wọn tún Twi wọn ṣe. Ṣùgbọ́n ẹni tó ń wá iṣẹ́ kì í bá ọ̀gá jiyàn. Mo gba ilé lọ, mo sì rántí pé olùkọ́ tó dára jù lọ wà lọ́dọ̀ wa.

Ìyá mi ń ta abọ́ tánganran ní ọjà Kejetia. Ó ti lé lọ́gbọ̀n ọdún tó ti dé láti Ògbómọ̀ṣọ́, kò sì sí ọjọ́ kan tí kò sọ Twi, kò sì sí ọjọ́ kan tí Twi náà jọ Twi. Èyí tó bá bọ́ sí i lẹ́nu, ó ti di ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ kó tó jáde. Bí oníbàárà bá bi í pé èló ni abọ́, yóò dá a lóhùn ní èdè mẹ́ta, onítọ̀hún yóò sì sanwó nítorí pé ó ti rẹ̀ ẹ́. Mo jókòó tì í lórí àpótí fún ọjọ́ mẹ́ta. Ó rò pé mo wá ran òun lọ́wọ́ ni, ó ń súre fún mi. Ohùn rẹ̀ ni mò ń jí kó.

Nígbà tí wọ́n gbé eré náà jáde lórí tẹlifíṣọ̀n, gbogbo ìlú rẹ́rìn-ín. Bí mo bá kọjá ní Adum, àwọn tó ń ta rédíò á máa fi Twi ìyá mi kí mi. Òun náà lọ wò ó nílé alábàágbé wa tó ní tẹlifíṣọ̀n. Ó rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Nígbà tó dé ilé, ó ní, "Ìwọ ọmọ yìí, ẹni tí o ń sín jẹ yẹn, ó jọ ẹnì kan tí mo mọ̀, àmọ́ mi ò rántí ẹni náà." Mo ní kó fọkàn balẹ̀, bó pẹ́ bó yá, yóò rántí. Inú mi dùn lálẹ́ ọjọ́ náà ju bí mo ṣe lè sọ lọ. Bàbá mi ti kú, èmi nìkan ni ìyá mi ní, èmi náà ò sì ní ẹlòmíràn tí mo fẹ́ kó yìn mí.

Ọ̀sẹ̀ kejì ni nǹkan bàjẹ́. Wọ́n pa mí. Wọ́n ní kí ọkọ̀ akẹ́rù gbá mi, kí ọ̀dọ́mọkùnrin tí eré náà dá lé lórí lè jogún ṣọ́ọ̀bù mi. Wọ́n da omi tòmátò sí mi láyà, mo na ẹsẹ̀, mo kú, ó sì dára. Àwọn tó wò ó lọ́dọ̀ alábàágbé wa sọ fún mi pé bí mo ṣe ń ṣubú ni ìyá mi dìde, ó wá bàtà rẹ̀, ó sì jáde láìkí ẹnikẹ́ni.

Mo bá a nílé. Kò pariwo. Ká ní ó pariwo ni, mi ò bá mọ bí mo ṣe máa tù ú. Ó gbé oúnjẹ mi síwájú mi, ó sì jókòó.

"Mi ò ní í wo eré rẹ mọ́," ló wí, "àfi lọ́jọ́ tí o bá rí èyí tí o ò ní í kú sí."

"Màámi, eré ni. Omi tòmátò ni."

"Mo mọ̀ pé tòmátò ni. Ṣé ojú mi fọ́ ni? Wọ́n ní òbí kì í rí òkú ọmọ rẹ̀. Èmi ti rí mẹ́ta. Mi ò wá lọ sílé onílé láti tún lọ wo ẹ̀kẹrin."

Mo mọ̀ nípa àwọn mẹ́ta yẹn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kì í dárúkọ wọn. Àwọn ló ṣáájú mi, wọ́n ń wá, wọ́n ń lọ. Ìdí nìyẹn tí orúkọ tí wọ́n sọ mí kì í fi í ṣe orúkọ ẹni tó lórí ire. Ẹ̀bẹ̀ ni. Bí ẹnikẹ́ni bá pè mí ní àpèparí, ńṣe ló ń bẹ̀ mí kí n má lọ. Ààfáà fún mi ní orúkọ mùsùlùmí náà, òun sì ni gbogbo ọjà ń pè mí. Ìyá mi nìkan ló ń pe ti ẹ̀bẹ̀.

Láti ọjọ́ náà, ohun kan ṣoṣo ni mò ń wá nínú iṣẹ́ eré: kí wọ́n má pa mí, kí ìyá mi lè padà wá wò mí. Ẹ jọ̀ọ́, ṣé ó pọ̀ jù? Mo lọ bá Dàírẹ́kítọ̀. Mo ní kó jẹ́ kí n di bàbá ìyàwó, tàbí awakọ̀, tàbí ẹni tó ń ta nǹkan tó sì ń tà á lọ. Ó wò mí bí ẹni pé mo ní kó fún mi ní adé Àṣáńtìhene. Ó ní, "Alátà tí kò bá kú nínú eré, kí ló fẹ́ máa ṣe níbẹ̀?"

Mo gbìyànjú ọgbọ́n. Nígbà tí ejò bù mí jẹ, mo bẹ̀rẹ̀ sí í já ewé jẹ bóyá wọ́n á rò pé mo mọ egbòogi, wọ́n á jẹ́ kí n yè. Dàírẹ́kítọ̀ pariwo pé kí wọ́n dá kámẹ́rà dúró, ó ní ta ló ní kí n jẹ koríko. Nígbà tí májèlé kàn mí, mo fi ìṣẹ́jú márùn-ún kú, mo ń kí gbogbo ará ilé lọ́kọ̀ọ̀kan, títí àgbà òṣèrébìnrin tó máa ń ṣe ìyàwó mi fi sọ sí mi létí pé, "Ọkọ mi, jọ̀ọ́ kú, iṣu mi wà lórí iná."

Obìnrin yẹn ló kọ́ mi bí wọ́n ṣe ń ṣe òkú. Ó ní kí n máa fi ikùn mí, kì í ṣe àyà, kí n sì jẹ́ kó bọ́ sí ìgbà tí àwọn tó ń sunkún bá pariwo. Ó ní kí n má ṣe ronú nípa oúnjẹ, nítorí pé òkú kì í dá itọ́ mì. Ó sanra, Ọlọ́run fi ẹran jíǹkí rẹ̀ dáadáa, gbogbo ìgbà tí mo bá sì kú, orí àyà mi ni yóò ti ṣubú tí yóò máa jà gìrìgìrì. Ẹni tí obìnrin yẹn bá sunkún lé lórí tó sì tún yè, ìyẹn gan-an ló yẹ kí wọ́n fi ṣeré.

Báyìí ni ọdún ń gorí ọdún. Ayé fídíò dé. Gbogbo ẹni tó bá ti ní kámẹ́rà tó fi ń ya ìgbéyàwó di ẹni tó ń ṣe fíìmù, Dàírẹ́kítọ̀ náà ra tirẹ̀. Mo ń rán àga ní Magazine, mo ń kú ní òpin ọ̀sẹ̀, ìyá mi sì ń ta abọ́. Bí àwọn ará Kejetia bá sọ fún un pé àwọn rí mi nínú fídíò, ìbéèrè kan náà ló máa ń bi wọ́n: "Ṣé ó kú?" Bí wọ́n bá ní bẹ́ẹ̀ ni, á ní, "Ẹ ṣeun," á sì máa nu abọ́ rẹ̀ lọ.

Lọ́jọ́ kan, Dàírẹ́kítọ̀ wá bá mi ní ṣọ́ọ̀bù pẹ̀lú ẹ̀rín. Ó ní, "Àdúrà rẹ gbà. Nínú èyí tí mo fẹ́ ṣe yìí, kò sí ibi tí wàá ti kú."

Mo fò sókè. Mo gbá a mọ́ra.

"Ìgbà tí eré bá máa bẹ̀rẹ̀," ló wí, "o ti kú ná."

Èmi ni olówó tí wọ́n tẹ́ sórí ibùsùn. Àwọn ọmọ mi yóò máa jà sí ogún yí mi ká, orí mi ni gbogbo ìtàn yóò dá lé, àwòrán mi ni wọ́n máa lẹ̀. Mo fi ọjọ́ méjì bá ara mi ro ó. Ìyá mi ní òun ò fẹ́ rí eré tí mo ti kú. Ṣé ẹni tó ti kú kí eré tó bẹ̀rẹ̀ tún kú nínú eré? Ẹni tó bá fẹ́ tan ara rẹ̀ jẹ kì í ṣe aláìní ọ̀rọ̀. Mo gbà. Dàírẹ́kítọ̀ bi mí bóyá mo ní fọ́tò pélébé kan, mo fún un. Sátidé ni a máa ṣe é, àmọ́ láti Ọjọ́rú ni mo ti sọ fún ìyá mi pé iṣẹ́ pọ̀ ní Magazine, pé ibẹ̀ ni n ó máa sùn títí ọ̀sẹ̀ á fi parí.

Ohun tí mi ò mọ̀ nìyí. Dàírẹ́kítọ̀ ń wá èrò rẹpẹtẹ tí yóò wọ dúdú àti pupa wá sí ìsìnkú, kò sì ní ohun tó máa fún wọn. Àmọ́ ọmọ Kùmásì ni. Ó mọ̀ pé ní ìlú yẹn, Sátidé, aṣọ òkú ti wà lọ́rùn gbogbo ayé kí ilẹ̀ tó mọ́ tán. Ibi tí wọ́n ń lọ ló kù tí wọ́n ń wá. Pọ́sítà òkú ni wọ́n fi ń mọ̀ ọ́n: wọ́n máa ń lẹ̀ ẹ́ mọ́ ògiri, pẹ̀lú fọ́tò olóògbé, ọjọ́, àti ilé tí wọ́n tẹ́ ẹ sí. Dàírẹ́kítọ̀ tẹ tèmi. Ó kọ ọ́ síbẹ̀ pé ọmọ ọdún méjìdínlọ́gọ́rin ni mí, nígbà tí mi ò tíì pé ogójì. Ó lẹ̀ ẹ́ káàkiri Kejetia lóru Jímọ̀. Kò sọ fún mi.

Ẹ ò bá rí ẹwà mi lọ́jọ́ náà. Ibùsùn idẹ ni wọ́n tẹ́ mi sí nínú agboolé ńlá kan lẹ́yìn Asafo. Wọ́n fi aṣọ kẹ́ńtè bò mí, wọ́n fi páálí tí wọ́n kùn ní wúrà ṣe òrùka sí ìka mi mẹ́wẹ̀ẹ̀wá, wọ́n fi pọ́dà kùn mí lójú, wọ́n sì ki òwú bọ ihò imú mi. Kí agogo mẹ́wàá tó lù, agboolé ti kún. Mo gbọ́ ẹsẹ̀ wọn, mo rò pé òṣèré ni gbogbo wọn, mo ní Dàírẹ́kítọ̀ gbìyànjú o. Obìnrin kan tí mi ò mọ̀ rí dúró lẹ́bàá orí mi, ó ń sunkún pé èmi ni mo wá iṣẹ́ fún ọkọ òun. Ọkùnrin kan ní a jọ lọ sílé ìwé ni, ó ní láti kékeré ni mo ti ní ìwà tútù. Mo sùn síbẹ̀, mo ń gbọ́ bí mo ṣe jẹ́ ènìyàn dáadáa tó, inú mi sì ń dùn. Kò sí ẹni tó sọ irú rẹ̀ fún mi rí nígbà tí mo wà láàyè.

Ibẹ̀ ni mo wà tí mo fi gbọ́ ohùn kan lẹ́nu géètì.

"Me ọmọ wɔ he? Ẹ jọ̀ọ́, mepa wo kyɛw, níbo ni wọ́n gbé e sí?"

Gbogbo èrò bú sẹ́rìn-ín. Ṣé ẹ rí i, ohùn yẹn ni mo ti ń fi pa wọ́n lẹ́rìn-ín lórí tẹlifíṣọ̀n láti ọdún pípẹ́ wá. Àwọn tó mọ̀ pé eré ni rò pé Dàírẹ́kítọ̀ ti rí obìnrin kan tó ń sín mi jẹ. Dàírẹ́kítọ̀ alára rò pé ìyàwó mi inú eré ló mú un wá. Mo gbọ́ tó ń sọ fún ẹni tó di kámẹ́rà mú pé, "Yà á, yà á! Má jẹ́ kó bọ́!"

Ìyá mi ò rí kámẹ́rà. Ó ti rí fọ́tò mi lára ògiri nítòsí ìsọ̀ rẹ̀, ó sì ní kí ẹnì kan bá òun ka ohun tí wọ́n kọ síbẹ̀. Abọ́ rẹ̀ wà níta, kò kó wọn wọlé. Bó ṣe ń la èrò kọjá ló ń jà. Ọ̀rọ̀ ẹ̀sìn ló kọ́kọ́ bá wọn jà lé lórí.

"Háabà! Mùsùlùmí ni! Ta ló ní kí ẹ fi wúrà sí i lọ́wọ́? Láti ìgbà wo ló ti kú tí ẹ ò sin ín? Níbo ni àwọn ààfáà wà? Ẹ wo bí ẹ ṣe kùn ún bíi mọ́sà!"

Wọ́n ń rẹ́rìn-ín lọ. Ó wá dé ẹ̀gbẹ́ ibùsùn. Àwọn tó wà nítòsí ò rẹ́rìn-ín mọ́, ẹ̀rín ṣì wà lọ́hùn-ún lẹ́nu géètì. Ọwọ́ rẹ̀ kàn mí lẹ́sẹ̀. Kò sunkún. Ó pe orúkọ mi, èyí tó jẹ́ ẹ̀bẹ̀, ó pè é parí.

Mi ò dáhùn. Mo máa sọ òtítọ́ ibẹ̀, ó sì ń tì mí lójú títí di òní. Mo mọ̀ pé òun ni. Mo mọ̀ pé mo ti purọ́ fún un. Àmọ́ kámẹ́rà ń ṣiṣẹ́, ọ̀gá òkú sì ni mí. Mo ní lọ́kàn mi pé kí Dàírẹ́kítọ̀ sáà ní ká dúró, kí n sì dìde bẹ̀ ẹ́. Mo rọra fi ikùn mí.

Ó tún pè mí.

Nílé wa, ìyá kì í pe ọmọ lẹ́ẹ̀mẹta. Bó bá di ẹ̀ẹ̀kẹta, o ti mọ ohun tó ń bọ̀. Ó pè mí lẹ́ẹ̀kẹta, ohùn rẹ̀ sì ti lọ sílẹ̀ débi pé èmi nìkan ló lè gbọ́ ọ. Ó wá ní, "Ìwọ náà?"

Ọ̀rọ̀ méjì péré. Àrá tó sán pa mí lẹ́ẹ̀mejì kò ṣe mí tó bẹ́ẹ̀. Mo dìde jókòó lórí ibùsùn pẹ̀lú òwú nímú, mo ní, "Màámi!"

Kí n má purọ́, mi ò tíì rí eré sísá tó báyẹn láyé mi. "Ɔsaman! Ɔsaman!" ni wọ́n ń ké, iwin ni wọ́n pè mí. Bẹ́ǹṣì ń dojú dé, bàtà ń fò. Ọkùnrin tí a jọ lọ sílé ìwé fo ògiri. Àgbà òṣèrébìnrin tó ń ṣe ìyàwó mi, tí èmi àti rẹ̀ ti jọ ń ṣeré fún ọdún mọ́kànlá, tó mọ̀ pé pọ́dà ló wà lójú mi nítorí òun ló kùn ún, òun ló kọ́kọ́ jáde ní géètì. Ẹni tó di kámẹ́rà mú náà sá lọ, ó sì fi kámẹ́rà sílẹ̀ lórí irin ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta rẹ̀, ó ń ṣiṣẹ́ lọ.

Ìyá mi nìkan ni kò sá. Ó dúró, ó wò mí láti orí dé ẹsẹ̀. Ó wá gbá mi létí. Òwú fò jáde nímú mi. Lẹ́yìn náà ló jókòó sórí ibùsùn, ó di ẹsẹ̀ mi mú, ó bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún, èmi náà sì ń sunkún, pọ́dà ń ṣàn wọ ẹnu mi. Kò sí ẹni tó kọ́ mi ní ìyẹn.

A ò tíì bọ́ o. Ìgbà tí a dé ilé, àwọn ará wa ti tẹ́ ẹní sí àgbàlá, àwọn ààfáà ti jókòó, wọ́n ti ń ṣe àdúà fún mi. Mo wọlé pẹ̀lú pọ́dà lójú, mo kí wọn pé "Sàláámù àlékúmù." Ẹni mẹ́rin ló dáhùn, àwọn yòókù ti wà lójú títì. Ààfáà àgbà tí ojú rẹ̀ kò ríran jìnnà ni kò dìde. Wọ́n ṣàlàyé fún un. Ó rò ó títí, ó ní, "Àdúà tí a ti ṣe, a ò lè gbà á padà. Fi í pamọ́ síbì kan. Yóò wúlò fún ọ."

Ọjọ́ méje ni ìyá mi ò bá mi sọ̀rọ̀. Á gbé oúnjẹ fún mi, á sì wo ògiri. Mo ti pinnu pé mi ò ní í ṣeré mọ́. Lọ́jọ́ kẹjọ, Dàírẹ́kítọ̀ dé pẹ̀lú àgbà òṣèrébìnrin. Àwọn méjèèjì kúnlẹ̀, Dàírẹ́kítọ̀ tilẹ̀ fẹ́ dọ̀bálẹ̀ bíi tiwa, kò mọ̀ ọ́n ṣe, ó fi àgbọ̀n ìsàlẹ̀ gbá sìmẹ́ǹtì. Ó ní, "Maame, mo ṣẹ̀ ọ́. Mo mọ̀ pé mo ṣẹ̀ ọ́." Ó wá ní kámẹ́rà kò kú, gbogbo rẹ̀ wà nínú rẹ̀, òun ò sì tíì ya irú rẹ̀ rí. Òun fẹ́ yí ìtàn náà padà: olówó yẹn yóò kú, ìyá rẹ̀ yóò wá pè é, yóò sì jí. Àmọ́ bí Maame bá ní kí òun pa á rẹ́, òun á pa á rẹ́ níṣojú rẹ̀.

Mo wo ìyá mi. Mo ti mọ ohun tó máa sọ.

"Ṣé ó jí níbẹ̀?" ló bi í.

"Ó jí, Maame."

"Ṣé wọ́n gbọ́ ọ nígbà tó dáhùn?"

"Ketekete ni."

"Ẹ máa ṣe é lọ," ìyá mi wí. "Ṣùgbọ́n yọ ibi tí mo ti gbá a létí."

Kò yọ ọ́. Ibẹ̀ ni gbogbo ìlú fẹ́ràn jù.

Ìyá mi wá wò mí. Lẹ́yìn gbogbo ọdún yẹn, ó wá. Ilé fídíò kan wà ní àdúgbò Zongo, bẹ́ǹṣì ló wà níbẹ̀ àti tẹlifíṣọ̀n kan ṣoṣo lórí tábìlì, ọ̀sán ni a lọ. Mo jókòó tì í. Nígbà tí wọ́n gbé mi jáde nínú kẹ́ńtè, ó di ọwọ́ mi mú, ó dì í mú débi pé ó ń dùn mí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ni mo wà tí mò ń jẹ ẹ̀pà. Nígbà tí mo jí, ilé pariwo, òun náà pariwo. Ó ń fi ìka tọ́ mi han gbogbo èèyàn: "Ọmọ mi nìyẹn! Òun náà nìyí!"

Iṣẹ́ òkú sì parí fún mi níbẹ̀. Kò sí ẹni tó lè pa mí mọ́. Bí mo bá na ẹsẹ̀ báyìí nínú fídíò kankan, ńṣe ni àwọn òǹwòran á máa rẹ́rìn-ín, wọ́n á máa ké pé, "Frɛ ne maame!" kí wọ́n pe ìyá mi wá. Ó bí àwọn Dàírẹ́kítọ̀ nínú. Ni wọ́n bá sọ mí di mẹ́gáàdì, wọ́n sọ mí di awakọ̀, di bàbá ìyàwó. Mò ń la eré já láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin láìní ìpalára. Mo ṣọ́ oríṣiríṣi géètì.

Èyí tó yà mí lẹ́nu ni pé ìyá mi ò wo ìkankan nínú wọn. Fídíò tí mo ti jí yẹn nìkan ló ń lọ wò, bí ọjà bá ti dá lọ́sàn-án, yóò fi aṣọ bo abọ́ rẹ̀, yóò sì gba Zongo lọ. Ẹni tó ni ilé fídíò kò gbowó lọ́wọ́ rẹ̀ mọ́. Mo bi í lọ́jọ́ kan pé ta ló wá jogún níkẹyìn nínú eré náà. Ó ní òun ò mọ̀. Ìgbà tí wọ́n bá tẹ́ mi tán ni òun ń wọlé, bí mo bá sì ti dìde, òun ti ń wá bàtà òun.

Mo tẹ̀ lé e lọ lọ́sàn-án ọjọ́ kan láìjẹ́ kó mọ̀. Mo dúró sẹ́yìn lẹ́bàá ilẹ̀kùn. Lójú fídíò, ó ti ń la èrò kọjá, ó ń bá wọn jà nítorí wúrà. Níwájú mi, ó jókòó lórí bẹ́ǹṣì, ó ń bá obìnrin kan tó jókòó tì í sọ̀rọ̀, ní Twi rẹ̀ yẹn. Obìnrin náà bi í pé kí ló dé tó fi ń wá lójoojúmọ́.

Ó ní, "Mẹ́ta ló ṣáájú rẹ̀. Mo pe àwọn náà báyìí. Mo pè wọ́n títí. Èyí nìkan ló dáhùn."

Lójú fídíò, ó pè mí lẹ́ẹ̀kan, ó pè mí lẹ́ẹ̀kejì. Kí ẹ̀ẹ̀kẹta tó dé, n kò lè mú un mọ́ra mọ́. "Màámi!" ni mo wí láti ẹ̀yìn.

Kò wẹ̀yìn. Ó kan fọwọ́ tọ́ obìnrin náà léjìká, ó ní, "Ṣé o gbọ́?"